Owó Wà, Ọrọ̀ Ajé Ò Rìn: Ohun Tó Dá Àwọn Ìlú Olówó Dúró Sójú Kan

Ọ̀rọ̀ àsọyé níbi ìpàdé ẹgbẹ́ wa ní Lọ́ńdọ̀nù. Bí mo ṣe sọ ọ́ náà ni mo ṣe kọ ọ́ sílẹ̀, àfi ibi tí àríyànjiyàn ti bo ohùn mi mọ́lẹ̀.

Ẹ̀yin bàbá wa, ẹ̀yin ìyá wa, alága wa, ẹ̀yin ìgbìmọ̀, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́ ẹ kóra yín jọ sẹ́yìn, mo kí gbogbo yín pátá. Ẹ kú ìkàlẹ̀. Ẹ kú òtútù. Ẹni tó ti Manchester wá, ẹni tó ti Leeds wá, ẹ kú ewu ọ̀nà. Ọ̀nà àbọ̀ á dán o, ọkọ̀ ojú irin ò ní kú sójú ọ̀nà. Ẹ gbọ́ bí àmín yẹn ṣe rinlẹ̀! Mo ṣì ń bọ̀ wá kan ọkọ̀ ojú irin.

Ìgbìmọ̀ ní kí n sọ̀rọ̀ lórí ìdí tí ọrọ̀ ajé fi dúró sójú kan láwọn orílẹ̀-èdè tó ti lówó tipẹ́. Nígbà tí mo sọ fún ẹ̀gbọ́n mi kan, wọ́n ní, "Kí ló kàn ọ́ nínú ìyà Òyìnbó?" Mo ní ẹ̀gbọ́n, bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò bá sọ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ ká sùn lóru. Ibí là ń gbé. Ibí là ń san owó orí sí. Owó tí à ń fi ránṣẹ́ sílé, ibí ló ti ń jáde. Bí owó oṣù ò bá gbéra níbí, ìyá àgbà tó wà ní Ìjẹ̀bú-Igbó á mọ̀ ọ́n lára kí oṣù tó parí.

Ọ̀tọ̀ ni kó wó, ọ̀tọ̀ ni kó dúró

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yanjú èyí. Bí ọrọ̀ ajé bá wó, gbogbo ayé ló ń rí i. Ẹ rántí September 2007, nígbà táwọn èèyàn tò lọ rẹrẹẹrẹ sẹ́nu ọ̀nà báńkì Northern Rock, tí oníkálùkù fẹ́ gba owó rẹ̀ jáde kí ilẹ̀ tó ṣú. Ṣùgbọ́n bí ọrọ̀ ajé bá dúró sójú kan, ta ló ń ké? Iná ń tàn. Ṣọ́ọ̀bù ṣí. Bọ́ọ̀sì ń rìn. Àfi ọjọ́ tí ọmọ ọgbọ̀n ọdún bá jókòó ṣírò owó oṣù rẹ̀, tó wá rí i pé ohun tí òun lè fi rà kò fi bẹ́ẹ̀ ju èyí tí ẹ̀gbọ́n òun ń rà lọ́dún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sẹ́yìn.

Ẹ gba ìṣirò kan péré lọ́wọ́ mi. Ṣáájú 2008, ohun tí òṣìṣẹ́ ilẹ̀ yìí ń mú jáde ní wákàtí kan máa ń fi nǹkan bí ìdá méjì nínú ọgọ́rùn-ún lé sí i lọ́dọọdún. Ìdá méjì! Ó kéré létí. Ṣùgbọ́n bó bá ń lọ bẹ́ẹ̀, láàárín ọdún 35 ó ti di ìlọ́po méjì, ọmọ á sì lè jẹ ìlọ́po méjì ohun tí bàbá rẹ̀ jẹ. Láti 2008, ìdá méjì ọ̀hún ti di nǹkan bí ààbọ̀ ìdá kan. Bó bá ń lọ báyẹn, ó di nǹkan bí ọdún 140 kó tó di ìlọ́po méjì. Ta ló máa wà níbẹ̀ nínú wa?

Ítálì tiẹ̀ burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Láàárín gbogbo àwọn orílẹ̀-èdè tó wà nínú OECD, àjọ tí ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè olówó wà, àwọn nìkan ni ohun tí owó oṣù lè rà níbẹ̀ fà sẹ́yìn láti 1990 sí 2020. Ọgbọ̀n ọdún. Ẹni tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Róòmù lẹ́ni ọgbọ̀n ọdún ti di ẹni ọgọ́ta, owó ò sì gbéra.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe tuntun láàárín àwọn onímọ̀. Ní 1938, ọ̀jọ̀gbọ́n ará Amẹ́ríkà kan, Alvin Hansen, sọ pé ẹ̀rù ń ba òun pé ọrọ̀ ajé ìlú òun lè máà tún rú sókè mọ́. Ogun Àgbáyé Kejì dé, wọ́n náwó bí ẹlẹ́dà, wọ́n bímọ rẹpẹtẹ lẹ́yìn ogun, gbogbo ayé sì gbàgbé ọ̀rọ̀ bàbá náà. Ó di November 2013 kí Larry Summers, tó ti ṣe mínísítà ètò ìnáwó Amẹ́ríkà rí, tó tún un sọ níwájú àwọn ọmọ IMF, àjọ owó àgbáyé, ní Washington: owó tí àwọn èèyàn ń tọ́jú ti pọ̀ ju èyí tí ẹnikẹ́ni fẹ́ fi dá nǹkan sílẹ̀ lọ.

Ẹyọ ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni mo gbé wá lónìí, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ kí ẹ tó máa méfò. Owó ò tán láwọn ìlú wọ̀nyí. Owó kúrò nídìí ohun tó ń mú nǹkan jáde, ó lọ jókòó sórí ohun tó ti wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀: ilẹ̀, ilé, ìpín ìdókòwò. Nígbà tí ìjókòó yẹn dà á nù, ẹ̀rù ò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ná an mọ́. Ẹ tẹ̀lé mi, ẹ ó rí i.

Jàpáànù ló kọ́kọ́ ṣe

Ẹ̀yin àgbà tẹ́ ẹ wà níbí, kí ni rédíò ilé yín? Mo gbọ́ Sanyo. Tẹlifíṣọ̀n ńkọ́? Sony. Alùpùpù? Suzuki, Honda. Ọkọ̀? Ẹnì kan pe Datsun, Ọlọ́run á fún yín lẹ́mìí gígùn. Láàárín 1960 sí 1970, ọrọ̀ ajé Jàpáànù ń fi nǹkan bí ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún dàgbà lọ́dọọdún. Wọ́n ń ra ẹ̀rọ, wọ́n ń kọ́ iléeṣẹ́, wọ́n ń tajà fún gbogbo ayé, títí kan Ìdúmọ̀tà.

Ní September 1985, àwọn mínísítà ètò ìnáwó orílẹ̀-èdè márùn-ún pàdé ní òtẹ́ẹ̀lì Plaza ní New York. Amẹ́ríkà ní ọjà Jàpáànù ti bo àwọn mọ́lẹ̀. Wọ́n fẹnu kò pé kí dọ́là wálẹ̀, kí yen, owó Jàpáànù, ròkè. Ṣáájú ìpàdé yẹn, nǹkan bí 240 yen ni wọ́n ń ṣẹ́ sí dọ́là kan. Kí ọdún méjì tó pé, ó ti wá sí nǹkan bí 150. Ọjà Jàpáànù wọ́n lójú àwọn oníbàárà, àwọn oníléeṣẹ́ fi igbe ta. Báńkì àpapọ̀ wọn wá ń gé èlé lé èlé, títí ó fi di ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún ní February 1987, kí oníléeṣẹ́ lè rówó yá.

Owó wá pọ̀ nílùú. Ìbéèrè tèmi rèé, ẹ ó sì gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan sí i kí n tó jókòó: níbo lowó yẹn lọ?

Díẹ̀ lọ sídìí ẹ̀rọ, ká má purọ́ mọ́ wọn. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí èyí tó kù ṣe ń rìn. Iléeṣẹ́ kan ní ilẹ̀ sí àárín Tokyo. Ó gbé ìwé ilẹ̀ lọ sí báńkì, báńkì yá a lówó. Ó fi owó náà ra ilẹ̀ mìíràn. Nítorí pé gbogbo wọn ló ń ra ilẹ̀, owó ilẹ̀ gbẹ́nu sókè. Ilẹ̀ àkọ́kọ́ ti wá tó ìlọ́po méjì lórí ìwé, ó tún gbé e padà lọ sí báńkì, wọ́n tún yá a lówó sí i. Kò sẹ́ni tó gbin nǹkan kan síbẹ̀. Kò sẹ́ni tó to bíríkì kan lé e. Ó débi pé wọ́n ń sọ ọ́ kiri pé bí wọ́n bá ta ilẹ̀ tí ààfin ọba wọn ní Tokyo wà, owó rẹ̀ á ju ti gbogbo ilẹ̀ Kalifọ́níà lọ. Iléeṣẹ́ Mitsubishi Estate gbéra lọ sí New York, wọ́n ra ọ̀pọ̀ nínú Rockefeller Center lọ́dún 1989. Ní December 29 ọdún yẹn, òṣùwọ̀n ọjà ìpín ìdókòwò Tokyo gun orí 38,915. Wọ́n jó, wọ́n yọ̀, wọ́n lọ ọdún tuntun.

Ọ̀gá tuntun tó gba báńkì àpapọ̀, Yasushi Mieno, ní ó tó gẹ́ẹ́. Ó gbé èlé sókè títí ó fi di ìdá 6 ní August 1990. Kí October tó parí, ọjà ìpín ìdókòwò ti já wálẹ̀ dé nǹkan bí ìdajì. Ilẹ̀ tẹ̀lé e, díẹ̀díẹ̀, lọ́dọọdún. Ẹ mọ ìgbà tí ọjà yẹn tó padà sí ibi tó wà lọ́jọ́ náà? February 2024. Ọdún 34! Ẹni tó ra ìpín ní ọjọ́ kẹta sí ọdún tuntun lẹ́ni ọgbọ̀n ọdún ti fẹ̀yìn tì kí owó rẹ̀ tó pé.

Ṣùgbọ́n ọjà ń já láyé, ó sì ń dìde. Kí ló dé tí eléyìí ò dìde? Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ.

Ilẹ̀ wálẹ̀, gbèsè ò wálẹ̀. Iléeṣẹ́ tó yá owó rẹpẹtẹ lórí ilẹ̀ tó ti di ìdajì, kí ló máa ṣe? Gbogbo èrè tó bá jẹ, gbèsè ló ń fi san. Kò ra ẹ̀rọ tuntun. Kò gba òṣìṣẹ́ tuntun. Richard Koo, onímọ̀ ọrọ̀ ajé kan tó ti ń ṣiṣẹ́ ní Tokyo láti ọjọ́ pípẹ́, ti sọ èyí títí ẹnu rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ bó: èlé di òdo, síbẹ̀ àwọn iléeṣẹ́ kọ̀, wọn ò yáwó, wọ́n ń dá gbèsè padà ni. Ẹni tí ejò ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Ẹ sì wò ó dáadáa, kò sí òmùgọ̀ nínú wọn. Ẹni tó bá jẹ gbèsè, kó san án, àbí bẹ́ẹ̀ kọ́ ni wọ́n ṣe kọ́ wa nílé? Ṣùgbọ́n bí gbogbo ìlú bá ń sangbèsè lọ́jọ́ kan náà, tí ẹnikẹ́ni ò rajà, ta ni oníṣọ́ọ̀bù máa tà fún? Ọjà tí èmi ò rà lọ́wọ́ rẹ ni owó oṣù tí ìwọ ò rí san fún ọmọ mi.

Àwọn báńkì ńkọ́? Àwọn náà mọ̀ pé ọ̀pọ̀ gbèsè tó wà lọ́wọ́ wọn ò lè padà wá mọ́. Bí wọ́n bá jẹ́wọ́, àwọn fúnra wọn á wó. Wọ́n wá ń yá iléeṣẹ́ tó ti kú lówó tuntun, kó lè fi san èlé lórí ti àtijọ́. Iléeṣẹ́ àkúdàáyà. Ó ti kú, ó ń tajà. Ó tún ń fi owó pọ́ọ́kú tajà débi pé kò jẹ́ kí alààyè tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ rí èrè jẹ. Báyìí ni wọ́n ń bò ó, wọ́n ń bò ó, títí di November 1997, nígbà tí Yamaichi, iléeṣẹ́ ìpín ìdókòwò tó pé ọgọ́rùn-ún ọdún lọ́dún yẹn gan-an, wó. Ọ̀gá wọn, Shohei Nozawa, dìde níwájú àwọn oníròyìn, àgbàlagbà tó wọ kóòtù, ó bú sẹ́kún gbágbáágbá lórí tẹlifíṣọ̀n. Ó ní àwọn òṣìṣẹ́ ò jẹ̀bi, àwọn ọ̀gá ni ẹ̀bi wà lọ́rùn wọn. Mo fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹ bá mi ka àwọn ọ̀gá báńkì tí ẹ ti rí kí wọ́n sọ irú ẹ̀ níbí.

Ọdún yẹn kan náà, ní April, ìjọba wọn gbé owó orí ọjà láti ìdá 3 sí ìdá 5. Ara aláìsàn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń yá, wọ́n ní kó dìde wá gbẹ́lẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ nǹkan kan tó máa yà yín lẹ́nu. Ní Jàpáànù láàárín àwọn ọdún yẹn, ọjà ò wọ́n. Mo mọ̀ pé ẹni tó bá ń ra gàrí ní Bódìjà á ní ẹ gbé òun lọ síbẹ̀ kíá. Ẹ gbọ́ ná. Oríṣi áísìkiriìmù kan wà níbẹ̀ tí ọmọdé ń lá, Garigari-kun ni wọ́n ń pè é, 60 yen ni. Fún ọdún 25, iye kan náà ni. Ní 2016, iléeṣẹ́ tó ń ṣe é fi yen mẹ́wàá lé e. Yen mẹ́wàá, kò tó owó ọ̀pá ìṣáná. Ẹ mọ ohun tí wọ́n ṣe? Wọ́n ṣe ìpolówó lórí tẹlifíṣọ̀n, ọ̀gá pátápátá àti àwọn òṣìṣẹ́ tò síta iléeṣẹ́, gbogbo wọn tẹríba, wọ́n ń bẹ aráàlú. Ẹ ń rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Àmọ́ oníṣòwò tí ò lè fi yen mẹ́wàá lé ọjà fún ọdún 25, ṣé ó lè fi kún owó oṣù ọmọọṣẹ́ rẹ̀? Ọmọọṣẹ́ tí owó oṣù rẹ̀ ò sì kúrò lójú kan, ṣé ó lè gbà kí ọjà wọ́n? Adìyẹ bà lókùn: ara ò rọ okùn, ara ò rọ adìyẹ.

Àwọn tó jáde ní yunifásítì láàárín 1993 sí nǹkan bí 2005 ló fara gbá a jù. Iléeṣẹ́ ńláńlá ò gbani. Iṣẹ́ oṣù díẹ̀díẹ̀ ni wọ́n rí ṣe, láìsí ìdánilójú. Ọ̀pọ̀ ò níyàwó, ọ̀pọ̀ ò lọ́kọ, ọmọ ò sì tó. Láti nǹkan bí 1995 ni iye àwọn tó wà lọ́jọ́ orí iṣẹ́ ti ń dín kù. Ẹni tó fẹ́ kọ́ iléeṣẹ́ tuntun náà sì ń bi ara rẹ̀ pé: àwọn wo ni màá tà fún lógún ọdún sí i? Àwọn kan ní ọjọ́ ogbó nìkan ló fa gbogbo wàhálà yìí. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀ tán. Ọjọ́ ogbó wà níbẹ̀, ó wúwo, ṣùgbọ́n apá kan ọjọ́ ogbó ọ̀hún, ọrọ̀ ajé tó dúró ló bí i.

Ẹ padà sílé: ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wọkọ̀ padà wá síbí. Lẹ́yìn tí àwọn báńkì wó ní 2008, Bank of England gé èlé sí ààbọ̀ ìdá kan ní March 2009. Láti 1694 tí wọ́n ti dá báńkì yẹn sílẹ̀, kò rẹlẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ rí. Wọ́n tún ń dá owó tuntun, wọ́n ń fi ra gbèsè ìjọba, títí ó fi tó bílíọ̀nù 875 pọ́ùn. Níbo lowó yẹn lọ?

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ra ilé ní Peckham ní 1997, ẹ̀yin lẹ lè dáhùn. Lọ́dún yẹn, ilé ní England kò ju nǹkan bí owó oṣù ọdún mẹ́ta àtààbọ̀ fún òṣìṣẹ́ lásán. Lónìí, ó ti ju owó oṣù ọdún méje lọ dáadáa, ó ń fò láàárín méje sí mẹ́sàn-án. Ilé yẹn náà ni. Yàrá ò lé. Ilé ìwẹ̀ ò lé. Ògiri tó ń rin nígbà òtútù ṣì ń rin. Ẹ má rẹ́rìn-ín ṣá, torí àwọn ọmọ yín ló jókòó sẹ́yìn yẹn tí wọn ò rílé rà.

Èyí tó pọ̀ jù nínú owó tí báńkì ń yáni nílẹ̀ yìí, orí ilé àti ilẹ̀ ló ń lọ. Ọmọ tó bá fẹ́ dá iléeṣẹ́ kékeré sílẹ̀ lọ sí báńkì, wọ́n á bi í pé, "Ṣé o nílé tá a lè fi dúró?" Ẹni tó nílé kan tó fẹ́ ra ìkejì láti fi háyà, tẹ̀rín-tẹ̀rín ni wọ́n á fi gbà á. Bó o bá jẹ́ ọlọ́gbọ́n, èwo lo máa ṣe? Mi ò bá ẹnikẹ́ni wí. Mo mọ iye èèyàn tó wà nínú gbọ̀ngàn yìí tó ń gba owó ilé.

Ẹ jẹ́ kí n mú un wá sí ojú títì. Ẹni tó ti pẹ́ níbí á rántí ẹ̀rọ ìfọkọ̀ tó wà nílé epo: o wakọ̀ wọlé, búrọ́ọ̀ṣì ńlá méjì á máa yí, ìṣẹ́jú díẹ̀ ó ti parí. Níbo ni ọ̀pọ̀ wọn wà báyìí? Ẹ wo ilé epo àtijọ́ tó ti kú, tàbí ẹ̀yìn ilé ọtí tó ti kógbá wọlé. Àwọn ọkùnrin mẹ́rin, márùn-ún, pẹ̀lú bọ́kẹ́ẹ̀tì, kànìnkànìn àti okùn omi tó ń tú yàà. Wọ́n á fọ̀ ọ́ mọ́, wọ́n á tún nu inú rẹ̀ fún ọ. Ó yẹ kí ẹ̀rọ máa gba iṣẹ́ lọ́wọ́ èèyàn. Níbí, èèyàn ló gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀rọ!

Kí ló fà á? Ẹ̀rọ ń jẹ owó ńlá lẹ́ẹ̀kan náà. O ní láti yáwó, o ní láti dá ọ lójú pé oníbàárà á ṣì máa wá lọ́dún mẹ́wàá sí i. Èèyàn ò gbowó lọ́wọ́ rẹ kó tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Bí òjò bá rọ̀, wà á ní kí wọ́n máa lọ ilé. Ẹ̀rọ ò ṣeé lé lọ ilé. Oníṣòwò náà mọ ìṣirò rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ tí èèyàn márùn-ún lè fọ̀ ní wákàtí kan ní iye, owó tó sì lè kan ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn ní iye. Kò lè ga jù bẹ́ẹ̀ lọ, ì báà jẹ́ pé ọ̀gá wọn láàánú. Ẹ wá fi èyí ro ilé oúnjẹ, ilé ìkẹ́rùsí, ilé ìtọ́jú arúgbó, jákèjádò ìlú. Láàárín àwọn orílẹ̀-èdè olówó méje tí wọ́n ń pè ní G7, ọ̀pọ̀ ọdún nínú ọgbọ̀n ọdún tó kọjá ni UK fi gbẹ́yìn pátápátá nínú iye tí wọ́n ń ná sórí ẹ̀rọ, ilé iṣẹ́ àti ọ̀nà. Ọjọ́ kan kọ́ ni wọ́n fi dé ibi tí wọ́n dé.

Ìjọba ńkọ́? Ní 2010, George Osborne gba àpò ìṣúná, ó ní ìlú ti jẹ gbèsè jù, ó bẹ̀rẹ̀ sí í gé. VAT, owó orí ọjà, kúrò ní ìdá 17.5, ó di 20 ní January 2011. Káńsù ti ilé ìkàwé pa, wọ́n ti ilé àwọn ọ̀dọ́ pa. Èyí ló ń bí mi nínú jù nínú gbogbo ìtàn yìí: ìgbà tí èlé orí owó yíyá kéré jù lọ nínú ìtàn ìlú yìí ni ìjọba kọ̀ láti yáwó kọ́ nǹkan. Nígbà tí wọ́n ṣe tán tí wọ́n fẹ́ yá, èlé ti gun òkè.

Mo ṣèlérí ọkọ̀ ojú irin. Ní October 2023, Rishi Sunak, olórí ìjọba nígbà náà, lọ sí Manchester. Nínú gbọ̀ngàn kan tó jẹ́ ibùdókọ̀ ojú irin láyé àtijọ́ ló dúró sí, ó sì kéde pé ọ̀nà ọkọ̀ ojú irin tuntun HS2 ò ní dé Manchester mọ́. Ẹ̀yin ará Leeds, ẹ máa wò mí: ìlú yín tóbi tó yẹn, kò ní tíráàmù, kò ní ọkọ̀ abẹ́ ilẹ̀. Ọ̀nà abẹ́ odò Thames tí wọ́n fẹ́ gbẹ́ láàárín Kent àti Essex, ìwé ìbéèrè fún àṣẹ nìkan ju ojú ewé 350,000 lọ. Ìwé lásán o, nígbà tí wọn ò tíì gbé ṣọ́bìrì.

Ká padà sẹ́yìn díẹ̀. Ní June 2016, ìdìbò dé, èyí tí UK fi pinnu láti kúrò nínú EU, àjọ àwọn ìlú Yúróòpù. Mi ò wá ṣe ìṣèlú níbí, ẹ má jẹ́ ká tún bẹ̀rẹ̀ ìjà ọjọ́ kìíní. Ṣùgbọ́n oníléeṣẹ́ tí ò mọ òfin tí wọ́n máa fi tajà sí Yúróòpù lọ́dún tó ń bọ̀, ṣé ó máa ra ẹ̀rọ lọ́dún yìí? Ó ní òun á dúró ná. Ó dúró lọ́dún kìíní, ó dúró lọ́dún kejì. Nígbà tó di September 2022, Liz Truss, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ di olórí ìjọba, ní òun á fi gígé owó orí tú ọrọ̀ ajé sílẹ̀. Àwọn tó ń yá ìjọba lówó bi í pé níbo lo máa ti rí owó náà, kò rí ìdáhùn. Kò pé ọjọ́ 50 lórí àga. Ẹni tí àdéhùn mọ́gééjì rẹ̀, owó tó yá fi ra ilé, parí ní October ọdún yẹn, tó ní láti gba tuntun nígbà tí èlé ti fò sókè, mo rí i bó ṣe ń mi orí níbẹ̀ yẹn.

Ṣé àwa ni?

Ìbéèrè yìí wà ní ọkàn yín, ẹ ò kàn fẹ́ bi mí ni. Lórí tẹlifíṣọ̀n, nínú bọ́ọ̀sì, wọ́n ń sọ ọ́: àjèjì ló pọ̀ jù, àwọn ló jẹ́ kí nǹkan rí báyìí.

Ẹ bá mi fi Jàpáànù dáhùn. Fún gbogbo ọdún tí wọ́n fi wà lójú kan, títí di 2020, àjèjì tó ń gbé níbẹ̀ kò tó ìdá mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún. Wọ́n ti ilẹ̀kùn, wọ́n gbé kọ́kọ́rọ́ pamọ́. Àwọn náà ló kọ́kọ́ dúró, àwọn ló sì pẹ́ jù níbẹ̀. Bó bá jẹ́ àjèjì ni, ta ló ṣe tiwọn?

Síbẹ̀, ká sọ òótọ́ láàárín ara wa. Bí ọ̀gá bá rí ẹni tó máa gba owó kékeré, kò ní kánjú ra ẹ̀rọ. Ọ̀rọ̀ ìfọkọ̀ tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan fi í hàn. Ẹni tó mú kànìnkànìn dání kọ́ ló pinnu pé kí wọ́n má ra ẹ̀rọ o. Òun ni owó ò kàn jù. Àwọn nọ́ọ̀sì wa àti àwọn tó gba físà ìtọ́jú láti 2022, ilé ìtọ́jú arúgbó tí wọ́n wọ̀ ti ń wá òṣìṣẹ́ tipẹ́ kí wọ́n tó wọ báàlù. Bí ogiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè ráyè wọ ibẹ̀. Ogiri yìí ti lanu láti ìgbà tí a ò tíì dé.

Àwọn yòókù, ní ṣókí

Wọ́n ní kí n má pẹ́ lórí Jámánì. Tiwọn yàtọ̀ díẹ̀, torí iléeṣẹ́ gidi ni wọ́n ní. Gáàsì pọ́ọ́kú láti Rọ́ṣíà ni wọ́n fi ń dáná, Ṣáínà ni wọ́n sì ń ta ọkọ̀ fún. Gáàsì dáwọ́ dúró lọ́dún 2022, Ṣáínà bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ọkọ̀ tirẹ̀, ọrọ̀ ajé wọn sì fà sẹ́yìn ní 2023, ó tún fà sẹ́yìn ní 2024. Àmọ́ wọ́n ti kọ ọ́ sínú òfin ilẹ̀ wọn láti 2009 pé ìjọba ò gbọdọ̀ yáwó kọjá ìwọ̀n bíńtín. Wọ́n ń tọ́jú owó, afárá ń jẹrà. Ní September 11, 2024, lóru, afárá Carola ní Dresden já sínú odò Elbe, kò pẹ́ lẹ́yìn tí tíráàmù kọjá lórí rẹ̀. Ọlọ́run yọ wọ́n, kò sẹ́ni tó kú. Ní March 2025 ni wọ́n tó tún òfin ṣe, wọ́n ní àwọn á yá bílíọ̀nù 500 yúrò láti fi tún ìlú ṣe.

Amẹ́ríkà ló sàn jù nínú wọn, ó ṣì ń dàgbà. Síbẹ̀ wọ́n ní tiwọn. Láti 1982, tí òfin ti fọwọ́ sí ọ̀nà tí iléeṣẹ́ lè gbà ra ìpín ara rẹ̀ padà lọ́jà láìfẹ̀sùn kàn án, owó tabua ló ń gba ibẹ̀ lọ lọ́dọọdún. Iléeṣẹ́ jèrè, ó fi èrè gbé iye ara rẹ̀ ga, ọ̀gá gba ẹ̀bùn tirẹ̀. Níbo lowó lọ? Ẹ ti mọ ìdáhùn.

Ìròyìn tó dé kẹ́yìn láti Tokyo

Ní March 2024, báńkì àpapọ̀ Jàpáànù gbé èlé sókè fún ìgbà àkọ́kọ́ lẹ́yìn ọdún 17. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ wọn gba àfikún owó oṣù tó ju ìdá márùn-ún lọ lọ́dún kan náà, irú rẹ̀ ò ṣẹlẹ̀ fún ọdún tó lé ní ọgbọ̀n. Inú àwọn onímọ̀ dùn, wọ́n ní adìyẹ ti kúrò lórí okùn.

Àmọ́ ọjà náà gbéra. Ìrẹsì fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì láàárín ọdún kan. Mínísítà ètò ọ̀gbìn wọn, Taku Eto, wá ṣi ọ̀rọ̀ sọ ní May 2025, ó ní òun kì í ra ìrẹsì ní tòun, pé àwọn alátìlẹyìn òun ló ń kó o wá fún òun, ilé òun kún fún un. Kò ju ọjọ́ díẹ̀ lọ tó fi kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀. Àwọn ìyàwó ilé tí wọn ò rí kí ọjà wọ́n láti ìgbà tí wọ́n ti wà lọ́mọge ń tò sẹ́nu ọ̀nà ilé ìtajà nítorí ìrẹsì ìjọba. Owó oṣù lé lórí ìwé. Ohun tó lè rà ni wọ́n ṣì ń jà sí lọ́dún yẹn.

Ibi tí mo bá a dé rèé. Ẹ ṣeun tẹ́ ẹ fara balẹ̀ gbọ́ mi. Ẹni tó bá ní ìbéèrè, kó na ọwọ́. Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ọ̀dọ̀ àwọn ìyá wa.